Ìrìn-àjò afẹ́ sí Gánà pẹ̀lú ẹgbẹ́ kékeré: ẹ gba ti ọjọ́ 7, ẹ fi ti ọjọ́ 4 sílẹ̀

Okun o, gbogbo ilé. Ẹ̀yin ará Okun ní Ìpínlẹ̀ Kogí, tó wà ní Kabba, Ìsánlú, Mopa tàbí Ìyàrà, yóò ti rí irú ìkéde yìí lórí WhatsApp: "Ẹ jẹ́ ká jọ lọ Gánà." Nígbà mìíràn, ẹgbẹ́ àwọn ìyá ìjọ ló ń ṣètò rẹ̀, nígbà mìíràn, ẹgbẹ́ ọmọléèwé àtijọ́ ni, tàbí ajẹ́ńtì tó ní ọ́fíìsì ní Lọ́kọ́ja tàbí Àbújá. Ọjà tí wọ́n ń tà kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ síra: ènìyàn 8 sí 15, ọkọ̀ kan, afinimọ̀nà kan, ìlú mẹ́ta, ìyẹn Accra, Cape Coast àti Kumasi. Iye ọjọ́ ló yàtọ̀. Àwọn kan ń ṣe é ní ọjọ́ 4, àwọn kan ní ọjọ́ 5, àwọn mìíràn ní ọjọ́ 7. Ti ọjọ́ 7 ni a gbé yẹ̀ wò níbí, a sì gbà pé ó tó owó rẹ̀ bí wọ́n bá tò ó dáadáa. Ti ọjọ́ 4 ní tirẹ̀, ẹ má wulẹ̀ ná an.

Ìṣirò rẹ̀ kò le. Accra sí Cape Coast tó nǹkan bíi kìlómítà 150. Cape Coast sí Kumasi tó 220, Kumasi padà sí Accra tó 250. Ó ti lé ní kìlómítà 600 nìyẹn. Sún-kẹẹrẹ fà-kẹẹrẹ ọkọ̀ ní Kasoa, ní kété tí ẹ bá jáde ní Accra, lè jẹ wákàtí kan tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, ọ̀nà Kumasi sí Accra kì í sì í yá. Ẹ ka wákàtí 12 sí 15 fún ìjókòó inú ọkọ̀ nìkan. Nínú ètò ọjọ́ 4, ẹ ó lo ọjọ́ kìíní láti dé, ẹ ó lo ọjọ́ kẹrin láti padà. Ọjọ́ méjì ló kù tí ẹ ó fi rin gbogbo ọ̀nà yẹn, tí ẹ ó fi jẹun, tí ẹ ó fi sùn, tí ẹ ó sì tún fi wo nǹkan. Ojú fèrèsé ọkọ̀ ni ẹ ó ti wo Gánà.

Fún ẹni tí kò tíì fi ẹsẹ̀ kúrò ní Nàìjíríà rí, ibi tó rọrùn láti fi bẹ̀rẹ̀ ni Gánà. Ọmọ ECOWAS ni wá, a kò nílò físà. Wọn yóò lu òǹtẹ̀ sí páásípọ́ọ̀tù yín, ẹ sì lè lo ọjọ́ 90. Ihò iná ara ògiri wọn jẹ́ ẹlẹ́nu mẹ́ta onígun bíi tiwa, ṣájà yín yóò wọlé láìsí wàhálà. Aago wọn fi wákàtí kan wà lẹ́yìn tiwa. Ohun tó máa ń dá ènìyàn dúró ni káàdì yẹ́lò. Abẹ́rẹ́ ibà pọ́njú gbọ́dọ̀ ti lo ọjọ́ 10 lára kí káàdì náà tó ní agbára, nítorí náà ẹ má dúró di ọ̀sẹ̀ tí ẹ fẹ́ gbéra. Ẹni tó bá ti gbà á rí kò nílò àtúngbà: láti 2016 ni Àjọ Ìlera Àgbáyé ti sọ ọ́ di ti ọjọ́ ayé ẹni. Ẹ má ra káàdì lọ́wọ́ ẹni tí kò gún yín lábẹ́rẹ́. Àwọn ìyá àti bàbá wa tó ti pé ọdún 60, ẹ jẹ́ kí dókítà yẹ̀ yín wò ná, nítorí kòkòrò inú abẹ́rẹ́ yẹn kò kú, ńṣe ni wọ́n sọ ọ́ di aláìlágbára.

Ọ̀rọ̀ ọ̀nà ilé wa náà wà níbẹ̀. Ẹ béèrè bóyá bàálù ni tàbí ọ̀nà ilẹ̀. Ẹni tó bá fi ọkọ̀ lọ láti Kabba yóò kọ́kọ́ lo odidi ọjọ́ kan kó tó dé Èkó. Ní ọjọ́ kejì ni yóò wá la ẹnubodè mẹ́ta kọjá: Sẹ̀mẹ̀ láti wọ Bẹ̀nẹ̀, Hilla-Condji láti wọ Tógò, Aflao láti wọ Gánà. Ní ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn, ẹ ó sọ̀ kalẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, kí orílẹ̀-èdè kan lu òǹtẹ̀ ìjáde, kí èkejì lu ti ìwọlé, àwọn kan yóò sì tún na ọwọ́ fún owó tí kò sí nínú òfin. Ọjọ́ méjì ni lílọ, ọjọ́ méjì ni bíbọ̀. Bí ẹnikẹ́ni bá pe irú èyí ní ètò ọjọ́ 7, ọjọ́ mẹ́ta péré lẹ ó lò ní Gánà. Bàálù láti Èkó sí Accra kò ju nǹkan bíi wákàtí kan lọ. Ẹ ṣáà má gbéra ní ilé ní ọjọ́ tí bàálù máa fò. Ẹ lọ sùn sí Àbújá tàbí Èkó ní ọjọ́ tó ṣáájú, kí ẹ sì rin ọ̀nà náà ní ojúmọmọ. Kò sí ará Okun tí a ní láti sọ ìdí rẹ̀ fún.

Ọkọ̀ ni ibi tí ọ̀pọ̀ ètò ti ń kùnà, àwọn ènìyàn kì í sì í béèrè nípa rẹ̀. Nínú ìkéde, wọ́n á kọ ọ́ pé "bọ́ọ̀sì ẹlẹ́rọ amúlétutù". Hiace ló sábà máa ń jẹ́. Bí ènìyàn 12 bá jókòó sínú Hiace pẹ̀lú awakọ̀ àti afinimọ̀nà, ọkọ̀ ti kún, ẹ̀yìn ìjókòó tó kẹ́yìn kò sì ní àyè tó lè gba báàgì 12. Báàgì á wá wà lórí itan, lábẹ́ ẹsẹ̀, ní ẹnu ilẹ̀kùn. Ẹni tó wà lẹ́yìn kò ní lè sọ̀ láìjẹ́ pé gbogbo ènìyàn kọ́kọ́ sọ̀, afẹ́fẹ́ tútù kò sì ní dé ọ̀dọ̀ rẹ̀. Láàárín Cape Coast sí Kumasi, wákàtí 4 sí 5 nìyẹn pẹ̀lú orúnkún tó ká. Ohun tó bójú mu ni ènìyàn 9 nínú Hiace, kí wọ́n yọ ìjókòó ẹ̀yìn fún ẹrù. Bí ẹ bá lé ní 9, kí wọ́n gbé Coaster, bọ́ọ̀sì tó tóbi jù ú lọ. Ẹ ní kí ajẹ́ńtì kọ irú ọkọ̀ náà àti iye ènìyàn tí yóò jókòó sínú rẹ̀ sínú ìwé. Bí ó bá yí ohùn padà níbẹ̀, ẹ ti mọ ohun tí ẹ fẹ́ mọ̀.

Afinimọ̀nà ni ẹ̀mí gbogbo ètò yìí. Ní Gánà, Ghana Tourism Authority ló ń fún wọn ní ìwé àṣẹ, ẹ sì lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè rẹ̀. Ẹ béèrè pẹ̀lú bóyá ẹnì kan náà ni yóò bá yín lọ láti Accra dé Kumasi. Àwọn ètò tó ń fi ẹlòmíràn rọ́pò ní ìlú kọ̀ọ̀kan máa ń já ìtàn náà sí wẹ́wẹ́: tiwọn á tún bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì ní rántí ẹni tí ẹsẹ̀ ń dùn nínú yín. Èyí tó burú jù ni ètò tí aṣáájú rẹ̀ kàn jẹ́ ẹni tó bá yín kúrò ní Nàìjíríà, tí òun fúnra rẹ̀ ń ka ibi tí ẹ dé lórí fóònù. Ní àwọn ilé olódi etíkun, níbi tí wọ́n ti ń há àwọn ẹrú mọ́ kí wọ́n tó kó wọn sọdá òkun, òṣìṣẹ́ ibẹ̀ ni yóò mú yín káàkiri, kì í ṣe afinimọ̀nà yín. Iṣẹ́ ti afinimọ̀nà yín ni kó mú yín débẹ̀ ní wákàtí tí èrò kò pọ̀, kó sì rí i pé wọn kò da yín pọ̀ mọ́ ọ̀wọ́ ọmọ ilé-ìwé 60.

Accra kò gba ju ọjọ́ kan àbọ̀ lọ. Ọgbà ìrántí Kwame Nkrumah, níbi tó dúró sí nígbà tó kéde òmìnira ní ọjọ́ 6 oṣù Kẹta 1957, tó fún ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ tí ẹ bá dé. Wọ́n tún un ṣe, wọ́n sì tún un ṣí ní 2023. Ní ọjọ́ kejì, ẹ lọ sí ilé tí W. E. B. Du Bois, ọ̀mọ̀wé aláwọ̀ dúdú ará Amẹ́ríkà, gbé títí ó fi kú ní 1963, àti James Town, àdúgbò àtijọ́ kan ní Accra. Ẹ fi ẹsẹ̀ rin James Town ni, ẹ má jẹ́ kí wọ́n fi ọkọ̀ gbé yín kọjá. Àdúgbò kan wà níbẹ̀ tí wọ́n ń pè ní Ngleshie Alata. "Alata" yìí gan-an ni àwọn ará Gánà ń pe ọmọ Yorùbá láti ọjọ́ pípẹ́. Ìkéde wọn kò ní sọ ìyẹn fún yín, bẹ́ẹ̀ ni wọn kò ní sọ pé ní oṣù Kọkànlá 1969, ìjọba Busia ní Gánà fún àwọn àjèjì tí kò ní ìwé ìgbélùú ní ọ̀sẹ̀ méjì láti kó jáde, tí ọ̀pọ̀ ọmọ Yorùbá fi gbogbo ohun tí wọ́n kó jọ sílẹ̀ padà wálé. Ní 1983, àwa náà lé tiwọn, orúkọ báàgì Ghana-must-go sì wà lẹ́nu wa títí di òní. Àwọn àgbà kan ṣì wà ní ìlú wa tí wọ́n rántí ìpadàbọ̀ yẹn. Ẹ sọ fún afinimọ̀nà ṣáájú pé ẹ fẹ́ gbọ́ ọ. Ó ṣe wá láàánú gan-an pé ọmọ Yorùbá ń lọ sí Accra, ó sì ń padà láìgbọ́ ọ̀rọ̀ yìí rárá.

Ní ọjọ́ kẹta, kí ọkọ̀ ti kúrò ní Accra kí aago mẹ́fà àárọ̀ tó lù, kí Kasoa má bàa mú yín. Ilé olódi méjì ni ẹ fẹ́ wò, Cape Coast àti Elmina, wọn kò sì jìnnà sí ara wọn. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù lọ ni pé wọ́n ń wo méjèèjì ní ọjọ́ kan. Ara lè gbà á, ṣùgbọ́n ọkàn kò gbà á. Ní èkejì, àwọn ènìyàn kì í gbọ́ mọ́. Wọ́n á jókòó sí òjìji, wọ́n á máa wo fóònù. Kí ó jẹ́ Cape Coast ní ọjọ́ kẹta, Elmina ní ọ̀sán ọjọ́ kẹrin.

Ní Cape Coast, ẹ ó sọ̀ kalẹ̀ lọ sínú àjà ilẹ̀ tí wọ́n há àwọn ẹrú ọkùnrin mọ́. Ilẹ̀ rẹ̀ yọ̀, ó dà gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́, ìmọ́lẹ̀ kò tó, nítorí náà bàtà tí kò ní gìgísẹ̀ ni kí ẹ wọ̀. Lókè orí yàrá yẹn gan-an ni wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì sí. Ibí ni ẹgbẹ́ kékeré ti wúlò jù: ènìyàn 10 lè dúró yí afinimọ̀nà ká nínú òkùnkùn, kí gbogbo wọn gbọ́ ohùn rẹ̀ láìpariwo. Bí ẹ bá pé 40, àwọn tó wà lẹ́yìn kò ní gbọ́ ju gbohùngbohùn lọ. Lẹ́yìn náà ni ilẹ̀kùn tí àwọn ẹrú ń gbà jáde lọ sínú ọkọ̀ ojú omi, tí wọ́n ń pè ní Door of No Return (Ilẹ̀kùn Àìpadàbọ̀). Ẹ jáde níbẹ̀, ẹ ó bá ọkọ̀ ojú omi àwọn apẹja, àwọ̀n tí wọ́n sá, ọmọdé tó ń gbá bọ́ọ̀lù. Ẹ wá yíjú padà, ẹ ó rí i pé wọ́n kọ Door of Return (Ilẹ̀kùn Ìpadàbọ̀) sí ẹ̀yìn ilẹ̀kùn kan náà. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n sáré mú yín kúrò níbẹ̀.

Àwọn Potogí ló kọ́ Elmina ní 1482, àwọn Dọ́ọ̀ṣì gbà á ní 1637, ó bọ́ sọ́wọ́ àwọn Gẹ̀ẹ́sì ní 1872. Yàrá kékeré kan wà ní àgbàlá rẹ̀ tí wọ́n gbẹ́ agbárí òkú sí òkè ilẹ̀kùn rẹ̀. Ibẹ̀ ni wọ́n ń ti ẹni tó bá ṣọ̀tẹ̀ mọ́ títí yóò fi kú. Afinimọ̀nà lè ní kí ẹ wọlé, kó ti ilẹ̀kùn fún ìṣẹ́jú kan. Ẹni tí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ ń ru tàbí tí èémí rẹ̀ ń há, kó dúró síta, kò sí ìtìjú níbẹ̀. Owó ìwọlé àjèjì ju ti ọmọ Gánà lọ, wọ́n sì lè gba owó kámẹ́rà lọ́tọ̀. Ẹ béèrè bóyá ó wà nínú owó tí ẹ ti san, torí ibí ni àwọn ajẹ́ńtì kan ti máa ń bẹ̀rẹ̀ sí í gba "owó díẹ̀ sí i".

Kakum ni ti àárọ̀ ọjọ́ kẹrin. Igbó ńlá ni, ní àríwá Cape Coast, àfárá rẹ̀ méje sì so kọ́ sáàárín igi, ó gùn tó nǹkan bíi mítà 350, ó sì ga tó mítà 40 láti ilẹ̀ níbi tó ga jù. Okùn wáyà, àkàsọ̀ alumíníọ̀mù àti pákó tẹ́ẹ́rẹ́ ni wọ́n fi ṣe é, ó máa ń mì lábẹ́ ẹsẹ̀. Ìṣòro àwọn àgbà kì í ṣe orí àfárá, òkè òkúta tí ẹ ó gùn kí ẹ tó débẹ̀ ni. Ẹni tí orúnkún ń dùn, kó dúró nísàlẹ̀. Àwòrán erin tí wọ́n ń fi sínú ìkéde, ẹ gbàgbé ẹ̀. Erin wà nínú igbó náà lóòótọ́, ṣùgbọ́n kì í jáde síbi tí èrò ti ń pariwo.

Ọjọ́ karùn-ún ni ti Kumasi. Ẹ rí i dájú pé wọ́n dúró ní Assin Manso lójú ọ̀nà, níbi odò tí wọ́n ti ń wẹ àwọn ẹrú kẹ́yìn kí wọ́n tó kó wọn lọ sí etíkun. Ní 1998, wọ́n gbé egungun àwọn ọmọ ẹrú méjì, ọ̀kan láti Amẹ́ríkà, èkejì láti Jàmáíkà, wọlé láti ẹnu ilẹ̀kùn Cape Coast tí ẹ ti rí, wọ́n sì wá sin wọ́n síbí. Wákàtí kan tó. Ọ̀pọ̀ ètò ń fò ó torí kí wọ́n lè tètè dé ilé ìtura, ìyẹn sì jẹ́ àṣìṣe ńlá.

Ní Kumasi, Manhyia, ààfin ọba àwọn Asante, ni àárọ̀ ọjọ́ kẹfà. Ilé tí wọ́n kọ́ ní 1925 fún Ọba Prempeh Kìíní lẹ́yìn tó ti ìgbèkùn Seychelles dé ti di ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé báyìí. Wọn kì í jẹ́ kí ènìyàn ya àwòrán nínú rẹ̀, nítorí náà ẹ fi fóònù pamọ́. Bí ẹ bá lè yan ọjọ́, ẹ yan ọ̀sẹ̀ Akwasidae, àjọ̀dún àwọn Asante. Ọjọ́ Àìkú kan láàárín ọjọ́ 42 ló máa ń bọ́ sí, Asantehene, ọba wọn, á sì jókòó ní gbangba pẹ̀lú ìlù, agboòrùn àti wúrà. Ètò tó bá bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun ni ọjọ́ kẹfà rẹ̀ máa bọ́ sí ọjọ́ Àìkú. Bí kì í bá ṣe ọ̀sẹ̀ Akwasidae, ẹ bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ Àbámẹ́ta. Ọjọ́ Àìkú yóò bá yín ní Accra, ẹ ó lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, ẹ ó sì bá ọjà Kejetia àti àwọn ahunṣọ lẹ́nu iṣẹ́ láàárín ọ̀sẹ̀.

Bonwire, níbi tí wọ́n ti ń hun kẹ́ńtẹ̀, ni ọ̀sán ọjọ́ kẹfà, ará Okun gbọ́dọ̀ fi wákàtí méjì jókòó síbẹ̀. Àwa ni ọmọ Bùnú tó ni aṣọ ìpò, àwa ni ọmọ Ògìdì tó bí Nike Okundaye, gbajúmọ̀ aláró àti ayàwòrán. A mọ aṣọ. Lọ́dọ̀ wa, obìnrin ló ń jókòó síwájú òfì ìdúró, aṣọ tó fẹ̀ ló sì ń jáde. Ní Bonwire, ọkùnrin ló sábà máa ń hun ún, òfì wọn sì dà bíi ti àwọn ará Ìṣẹ́yìn. Ẹ tẹ ojú mọ́ ẹsẹ̀ ahunṣọ. Ó fi ọmọ ìka ẹsẹ̀ há ìrépé igbá tí okùn so mọ́, bó ti ń tẹ ọ̀tún, òwú kan á gòkè, bó ti ń tẹ òsì, èkejì á gòkè. Òwú gígùn rẹ̀ nà lọ síwájú lórí ilẹ̀ títí dé ibi tí òkúta kan dì í mú, òkúta yẹn á sì máa wọ́ bọ̀ díẹ̀díẹ̀ bí aṣọ ti ń gùn. Ohun tó ń jáde kò fẹ̀ ju nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 10 lọ. Nǹkan bíi 24 irú rẹ̀ ni wọ́n ń rán pọ̀ di aṣọ ọkùnrin kan. Ní 2024, UNESCO fi iṣẹ́ kẹ́ńtẹ̀ sára àwọn àṣà tí ayé gbọ́dọ̀ tọ́jú. Bí ẹ bá fẹ́ rà, ẹ yí aṣọ náà sódì. Èyí tí wọ́n fi ọwọ́ hun yóò ní àwọ̀ àti iṣẹ́ ní ẹ̀yìn bó ti ní i ní iwájú, ẹ ó sì fi ọwọ́ kan ojú rírán tó so ọ̀já kọ̀ọ̀kan pọ̀. Èyí tí wọ́n kàn tẹ̀ jáde nínú ẹ̀rọ á ṣá ní ẹ̀yìn, kò sì ní ojú rírán.

Ilé ìtura kò gba ọ̀rọ̀ púpọ̀: omi, iná, ẹnu ọ̀nà tó ṣeé tì, ó parí. Àwọn tó ń fi ìràwọ̀ ilé ìtura polówó ètò wọn ń fi ẹ̀tẹ̀ sílẹ̀, wọ́n ń pa làpálàpá. Ní ti oúnjẹ, ẹ̀yin tí ẹ ti mọ iyán lẹ́nu, fùfú tiwọn rọ̀ jù ú lọ, gbágùúdá àti ọ̀gẹ̀dẹ̀ ni wọ́n gún pọ̀, inú ọbẹ̀ tó ṣàn ni wọ́n sì ń gbé e sí. Wákyé, ìyẹn ìrẹsì àti ẹ̀wà tí wọ́n sè pọ̀, ní àárọ̀ ń mú inú dúró dáadáa kí ẹ tó rìnrìn-àjò. Ẹ mú dọ́là tí kò ya, tí kò rún, tí wọn kò kọ nǹkan sí lára, ẹ sì ṣẹ́ ẹ ní ibi tó ní ìwé àṣẹ, kì í ṣe lọ́wọ́ ẹni tó sá tẹ̀lé yín ní ẹnu ọ̀nà pápákọ̀ òfurufú. Oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru àti ti àtọ̀gbẹ, inú báàgì ọwọ́ ni kó wà.

Kí ẹ tó san kọ́bọ̀, ẹ wá orúkọ ilé-iṣẹ́ ajẹ́ńtì náà lórí ojú òpó CAC, àjọ tó ń forúkọ ilé-iṣẹ́ sílẹ̀ ní Nàìjíríà, ẹ sì san án sínú àkáǹtì tó ń jẹ́ orúkọ ilé-iṣẹ́, kì í ṣe ti ènìyàn kan. Ẹ gba ìwé tó sọ iye tí wọ́n máa dá padà bí ẹ kò bá lè lọ mọ́, àti ọjọ́ tí ẹ gbọ́dọ̀ sọ ọ́ kó tó di pé owó ti wọlé.

Ibi tí ètò ọjọ́ 7 ti ń bàjẹ́ jù ni ọjọ́ keje fúnra rẹ̀. Wọ́n á ní kí ẹ kúrò ní Kumasi ní aago méje àárọ̀, kí ẹ bá bàálù aago mẹ́ta ọ̀sán ní Accra. Nínú ìwé, ó ṣeé ṣe. Lójú ọ̀nà, ọkọ̀ ẹrù kan tó bà jẹ́ lójú títì tàbí òjò kan tó rọ̀ ti tó láti jẹ wákàtí méjì, ó sì yẹ kí ẹ ti wà ní pápákọ̀ òfurufú ní wákàtí mẹ́ta ṣáájú. Ọ̀nà méjì ló wà: kí ẹ fi bàálù kúrò ní Kumasi sí Accra, tí kò tó wákàtí kan, tàbí kí ẹ sun Accra lóru ọjọ́ náà, kí ẹ fò ní ọjọ́ kejì. Bí ajẹ́ńtì bá sọ pé kò sí wàhálà, pé awakọ̀ òun mọ ọ̀nà, ẹ ní kó kọ ọ́ sílẹ̀ kó sì fọwọ́ sí i pé òun ni yóò ra tíkẹ́ẹ̀tì mìíràn fún ẹni tí bàálù bá já sílẹ̀.